Oṣòdì Tápà: Olóṣèlú Èkó Tó Sá Lọ sí Ẹ̀pẹ́, Tó sì Kó Èrò Bọ̀

Ẹni tó bá kúrò ní Ìjẹ̀bú-Ifẹ̀, tó kọrí sí gúúsù, etí ọ̀sà ní Ẹ̀pẹ́ ni yóò já sí. Títí di òní, Ìjẹ̀bú-Ẹ̀pẹ́ àti Èkó-Ẹ̀pẹ́ ló jọ ń gbé ìlú náà. Àwọn tó ń kọ ìtàn Ìjẹ̀bú máa ń yára débi ogun Ìmagbọ̀n ti 1892, wọn kì í sì í fi bẹ́ẹ̀ dúró lórí ọdún mẹ́wàá tí àwọn olóyè Èkó fi forí pamọ́ sábẹ́ Awùjalẹ̀ ní etí omi yìí. Ọ̀kan nínú wọn ni Oṣòdì Tápà, balógun Ọba Kòsọ́kọ́. Ìgbàgbọ́ mi ni pé ilẹ̀ Ìjẹ̀bú ló ti rí ohun tó fi bá ìjọba òyìnbó dúnàádúrà nígbà tó ń padà sílé.

Ọmọ Tápà ni, apá Bìdá ni wọ́n ní ó ti wá. Kékeré ló wà tó fi dé Èkó, tó sì di ará ilé Ọba Ẹ̀ṣìnlókùn. Ó gbọ́ èdè Potogí, òun àti ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ Dàda Antonio ló sì ń bá ààfin gba owó lọ́wọ́ àwọn oníṣòwò ojú omi. Kí a má fi bò, ẹrú ni ọjà tó pọ̀ jù ní èbúté Èkó nígbà náà. Owó tó ń gbà yẹn, orí ọmọ ọlọ́mọ ni wọ́n ti ń pa á.

Ọba kú, ọba jẹ, Oṣòdì wà níbẹ̀. Ó rí i bí Adélé, tí Ẹ̀ṣìnlókùn ti lé kúrò lórí oyè, ṣe padà wá jọba ní nǹkan bí 1835. Nígbà tí Olúwọlé, tó jọba lẹ́yìn Adélé, wàjà ní 1841, Akítóyè gorí oyè. Ó ní kí wọ́n pe Kòsọ́kọ́ ọmọ ẹ̀gbọ́n òun wálé láti ìgbèkùn. Elétu Òdìbò, olóyè ńlá ní Èkó, kìlọ̀ títí, wọn ò gbọ́. Ní 1845 ni ogun Olómirò bẹ́, tí ìlú kan náà kọjú ìjà síra rẹ̀. Kòsọ́kọ́ ló borí, wọ́n pa Elétu, Akítóyè sì gba ojú omi sá lọ.

Ìtàn Èkó ní Oṣòdì bá Akítóyè pàdé lójú omi Àgbóyì. Ọba tó ń sá rèé nínú ọkọ̀, balógun ọ̀tá rèé níwájú rẹ̀. Dípò kí Oṣòdì mú un, ńṣe ló júbà, ó sì jẹ́ kó kọjá. Nígbà tó délé, ó ní oògùn ló gba ọkùnrin náà là. Àwọn kan sọ pé Kòsọ́kọ́ fúnra rẹ̀ ni kò fẹ́ kí ẹ̀jẹ̀ àbúrò bàbá òun wà lọ́rùn òun. Ó ṣeé ṣe, ṣùgbọ́n àpẹẹrẹ Adélé ni mo rò pé ó wà lọ́kàn Oṣòdì, nítorí ó mọ̀ pé ọba tó jáde lónìí lè wọlé lọ́la. Irú wọn kò ṣọ̀wọ́n láyé. George Monck ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì jà fún Charles Kìíní, ó ṣẹ̀wọ̀n nítorí rẹ̀, ó sin Cromwell, òun náà ló sì tún la ọ̀nà fún Charles Kejì láti padà ní 1660.

Akítóyè padà lóòótọ́, lẹ́yìn àgbá òyìnbó. Oṣòdì àti àwọn ọmọ ogun rẹ̀ kọ́kọ́ lé àwọn òyìnbó sẹ́yìn ní oṣù kọkànlá 1851. Ní ọjọ́ 26 oṣù Kejìlá, ọkọ̀ Bloodhound àti Teazer tún dé. Àwọn ará ìlú ti ri òpó mọ́ inú ọ̀sà, wọ́n sì to àgbá sí etí omi. Teazer fẹnu gúnlẹ̀, ìjà le gan-an. Ní ọjọ́ 28, Kòsọ́kọ́ kó àwọn ènìyàn rẹ̀, ó fi Èkó sílẹ̀.

Awùjalẹ̀ gbà wọ́n láyè ní Ẹ̀pẹ́. Wọ́n tún gbìyànjú láti fi ogun gba Èkó ní oṣù kẹjọ 1853, kò bọ́ sí i. Ọ̀nà mìíràn ló wá là. Ní ọjọ́ 28 oṣù kẹsàn-án 1854, Kòsọ́kọ́ àti Kọ́ńsù Benjamin Campbell tọwọ́ bọ̀wé àdéhùn ní Ẹ̀pẹ́. Kòsọ́kọ́ jáwọ́ nínú oyè Èkó, ó gba 1,000 dọ́là lọ́dún, òyìnbó sì gbà pé èbúté Palma, lápá Òrìmẹ́dù, jẹ́ tirẹ̀. Ẹgbàá owó ẹyọ ni àwọn oníṣòwò yóò máa san lórí àgbá epo kọ̀ọ̀kan tó bá jáde níbẹ̀. Ẹ wò ó: àwọn tó fi àgbá lé wọn kúrò ní Èkó ló tún jókòó ṣírò owó ibodè pẹ̀lú wọn. Iṣẹ́ tí Oṣòdì kọ́ ní ààfin ló gbé dé Ẹ̀pẹ́. Epo pupa tó ń ti ilẹ̀ Ìjẹ̀bú sọ̀ kalẹ̀ wá sétí omi ló fún iṣẹ́ náà lágbára, ìyẹn náà ló sì ń bọ́ àwọn ọmọ ogun àti arọ́ta, ìyẹn ẹrú àti ọmọ ẹrú inú ilé, tó yí i ká.

Nígbà tí Dòsùnmú, ọmọ Akítóyè tó jọba lẹ́yìn rẹ̀, fi Èkó sílẹ̀ fún òyìnbó ní ọjọ́ 6 oṣù kẹjọ 1861, ìjọba tuntun kò fẹ́ èbúté tó ń bá tirẹ̀ díje. Wọ́n gba Kòsọ́kọ́ wálé ní 1862 pẹ̀lú £400 lọ́dún. Pósù, olóyè ẹgbẹ́ Oṣòdì, kọ̀ láti padà, ó ní Ẹ̀pẹ́ lòun wà. Glover, aṣojú ìjọba òyìnbó ní Èkó, gbé ogun lọ bá ìlú náà ní 1863, wọ́n dáná sun ún. Èmi kò lè dá Pósù lẹ́bi, ẹni tó bá ti gbé lábẹ́ Awùjalẹ̀ fún ọdún mẹ́wàá lè máà rí ìdí tí yóò fi lọ máa wojú gómìnà fún owó oúnjẹ.

Oṣòdì bá Kòsọ́kọ́ padà ní tirẹ̀, ṣùgbọ́n kì í ṣe owó ọdọọdún nìkan ló gbájú mọ́. Ilẹ̀ ló gbà, ó sì to àwọn tó tẹ̀ lé e bọ̀ sí àgbo-ilé 21 ní Ẹ̀pẹ́tẹ̀dó, ní erékùṣù Èkó. Oṣòdì kú ní 1868. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, ìjọba fún àwọn olórí àgbo-ilé ní ìwé ilẹ̀ ní orúkọ tiwọn, wàhálà sì dé. Ta ló ni ilẹ̀, ilé Oṣòdì ni tàbí àwọn ọmọ arọ́ta? Ẹjọ́ náà dé ilé ẹjọ́ Privy Council ní London ní 1930, àwọn adájọ́ sì ní ìwé gómìnà kò pa ẹ̀tọ́ ìbílẹ̀ rẹ́. Síbẹ̀ kò tán. Ní 1947, ìjọba ní láti ṣe òfin kan fún ilẹ̀ Ẹ̀pẹ́tẹ̀dó, ó sì ṣe òmíràn tí wọ́n kọ arọ́ta gan-an sí àkọlé rẹ̀.