Ẹ̀jẹ́ Ni, Kì í Ṣe Ẹ̀jẹ̀: Àgbéyẹ̀wò Ìtàn Àṣà Ogun Jíjà Láàrin Àwọn Sikh Ilẹ̀ Punjab, 1606 sí 1925

Àṣamọ̀

Iṣẹ́ yìí ṣe àgbéyẹ̀wò bí àṣà ogun jíjà ṣe fìdí múlẹ̀ láàrin àwọn Sikh ilẹ̀ Punjab láti ọdún 1606 títí di ọdún 1925. Láti ayé ìjọba amúnisìn Gẹ̀ẹ́sì ni èrò kan ti gbilẹ̀ pé ìran ajagun ni àwọn Sikh, àti pé inú ẹ̀jẹ̀ wọn ni ìwà akin wọn ti ń wá. Iṣẹ́ yìí fi hàn pé ìtàn kò gbe èrò náà lẹ́yìn. Ẹ̀jẹ́ tí ènìyàn fi ẹnu ara rẹ̀ jẹ́ ni ìpìlẹ̀ àṣà náà. Ìjọba amúnisìn ló sọ ẹ̀jẹ́ di ọ̀rọ̀ ẹ̀jẹ̀ lẹ́yìn ọdún 1857, nítorí àǹfààní tirẹ̀.

1. Ìfáárà

Punjab, tí orúkọ rẹ̀ túmọ̀ sí ‘odò márùn-ún’ ní èdè Páṣíà, ni ẹnu ọ̀nà tí ọ̀pọ̀ ọmọ ogun láti Àáríngbùngbùn Éṣíà gbà wọ Íńdíà láyé àtijọ́. Lónìí, ààlà Íńdíà àti Pakistan ti là á sí méjì. Ibẹ̀ ni wọ́n ti bí Nanak ní ọdún 1469. Ọlọ́run kan ṣoṣo ni ó wàásù rẹ̀, ó sì kọ́ àwọn ènìyàn pé ipò àbínibí kò sọ ẹnikẹ́ni di ẹni ńlá lójú Ọlọ́run. Guru, èyí tí í ṣe olùkọ́, ni wọ́n ń pè é. Àwọn ọmọlẹ́yìn rẹ̀ sì ń jẹ́ Sikh, ìyẹn akẹ́kọ̀ọ́. Guru mẹ́sàn-án mìíràn ló jẹ tẹ̀ lé e, ẹni ìkẹyìn sì kú ní ọdún 1708. Orin ìyìn, iṣẹ́ òòjọ́ àti oúnjẹ àjùmọ̀jẹ ni Nanak fi sílẹ̀ fún wọn. Kò fi idà sílẹ̀.

Ìbéèrè tó jẹ iṣẹ́ yìí lógún ni bí àwùjọ olórin ìyìn ṣe di àwùjọ tó ń gbé ohun ìjà. Ní àwọn ọdún 1970, W. H. McLeod dábàá pé àwọn Jat, ìran àgbẹ̀ tó ti ń gbé ohun ìjà tẹ́lẹ̀, ni wọ́n mú àṣà náà wọlé nígbà tí wọ́n di Sikh ní ọ̀pọ̀ yanturu. Àwọn òpìtàn mìíràn, bí i Jagjit Singh, ta ko àbá yìí. Òótọ́ ni pé àwọn Jat pọ̀ láàrin àwọn Sikh. Ṣùgbọ́n ìran oníṣòwò tí à ń pè ní Khatri ni gbogbo Guru mẹ́wẹ̀ẹ̀wá ti wá, àwọn ni wọ́n sì pàṣẹ kí á gbé ohun ìjà. Bákan náà, àwọn Jat tó jẹ́ Híńdù àti àwọn tó jẹ́ Mùsùlùmí wà ní Punjab kan náà, wọn kò sì dá irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ sílẹ̀. Iye àwọn Jat lè ṣàlàyé ibi tí agbára ti wá. Kò ṣàlàyé ète tí wọ́n fi agbára náà ṣe.

2. Láti orin ìyìn dé idà méjì

Ní ọdún 1606, wọ́n pa Arjan, Guru karùn-ún, ní ìlú Lahore. Jahangir, ọba Mughal, kọ ọ́ sínú ìwé ìtàn ìjọba rẹ̀ pé òun ni òun pàṣẹ. Inú ń bí i pé Híńdù àti Mùsùlùmí ń wọ́ tọ Guru náà lọ, àti pé Guru súre fún Khusrau, ọmọ ọba tó ṣọ̀tẹ̀ sí bàbá rẹ̀. Hargobind, ọmọ Arjan, ló gba ipò bàbá rẹ̀. Ìtàn àwọn Sikh sọ pé idà méjì ni ó sán mọ́ ìdí: ọ̀kan dúró fún àṣẹ ayé, èkejì dúró fún àṣẹ ẹ̀mí. Ó kọ́ Akal Takht sí Amritsar, kí ó dojú kọ tẹ́ńpìlì wọn, Harmandir Sahib. Ẹṣin àti ohun ìjà wà lára ẹ̀bùn tí ó ń gbà lọ́wọ́ àwọn ọmọlẹ́yìn. Jahangir fi í sí àtìmọ́lé ní Gwalior. Nígbà tí Shah Jahan sì jọba, Hargobind bá àwọn ọmọ ogun Mughal jà ní ìgbà mélòó kan.

Ohun tí àwọn òǹkọ̀wé kì í sábà tẹnu mọ́ ni ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn ikú rẹ̀ ní ọdún 1644. Àwọn Guru mẹ́ta tó tẹ̀ lé e kò bá Mughal ja ogun ńlá kankan, bó tilẹ̀ jẹ́ pé Har Rai, tó kọ́kọ́ jẹ, ní àwọn ẹlẹ́ṣin tirẹ̀. Ẹni kẹta nínú wọn, Tegh Bahadur, ni wọ́n bẹ́ lórí ní Delhi ní ọdún 1675 lábẹ́ àṣẹ Aurangzeb, láìjẹ́ pé ó yọ idà. Bí ó bá ṣe pé ẹ̀jẹ̀ ló ń tì wọ́n sójú ogun, ó ṣòro láti ṣàlàyé bí idà ṣe wà nínú àkọ̀ fún gbogbo àkókò yìí.

3. Ẹ̀jẹ́ ọdún 1699

Gobind, ọmọ Tegh Bahadur, jẹ́ ọmọ ọdún mẹ́sàn-án nígbà tí ó di Guru. Ní ọjọ́ àjọ̀dún Vaisakhi ọdún 1699, ó pe àpéjọ ńlá ní Anandpur. Bí ìtàn ṣe sọ ọ́, ó yọ idà, ó sì béèrè ẹni tó ṣe tán láti fi orí rẹ̀ lélẹ̀. Ẹni márùn-ún ló dìde lọ́kọ̀ọ̀kan. Ọ̀kan jẹ́ Khatri, ọ̀kan jẹ́ Jat, ọ̀kan jẹ́ apọnmi, ọ̀kan jẹ́ oníṣẹ́ aṣọ, ẹnì kan yòókù sì jẹ́ onígbàjámọ̀. Guru fi idà olójú méjì po omi àti ṣúgà pọ̀, ó fún wọn mu láti inú abọ́ kan náà, lẹ́yìn náà ni òun pàápàá kúnlẹ̀ gbà á lọ́wọ́ wọn. Báyìí ni Khalsa ṣe bẹ̀rẹ̀.

Kókó mẹ́ta nínú ètò yìí ni ó kan àríyànjiyàn iṣẹ́ yìí. Èkíní ni orúkọ. Singh, èyí tó túmọ̀ sí kìnnìún, jẹ́ orúkọ tí àwọn Rajput ọlọ́lá ń jẹ́ tẹ́lẹ̀. Guru fún apọnmi àti onígbàjámọ̀. Kaur ni wọ́n fún àwọn obìnrin. Èkejì ni àmì márùn-ún tí ẹni tó wọ Khalsa gbọ́dọ̀ ní: irun tí a kì í gé, òòyà, ẹ̀gbà ọwọ́ onírin, ṣòkòtò péńpé àti idà. A kì í bí àwọn nǹkan wọ̀nyí mọ́ ènìyàn. Ojoojúmọ́ ni ó ń pinnu láti gbé wọn wọ̀. Ẹ̀kẹta, ẹni tó bá ṣẹ̀ sí ìlànà lè pàdánù ipò rẹ̀ nínú Khalsa, ó sì lè tún ẹ̀jẹ́ jẹ́ padà. Ohun tí ènìyàn lè gbà, tí ó lè sọ nù, tí ó sì lè tún gbà, kì í ṣe ẹ̀jẹ̀.

4. Ọ̀rúndún kejìdínlógún: ẹ̀rí láti ẹnu ọ̀tá

Lẹ́yìn ikú Guru Gobind Singh, Banda Singh Bahadur ṣẹ́gun Sirhind ní ọdún 1710, ó sì tẹ owó ní orúkọ àwọn Guru. Wọ́n pa á ní Delhi ní ọdún 1716. Láti ìgbà náà, àwọn gómìnà Lahore ń san owó lórí orí àwọn Sikh, àwọn wọ̀nyí sì sá sínú igbó àti orí òkè. Ẹgbẹ́ ẹlẹ́ṣin kéékèèké ni wọ́n fi ń jà: wọn a kọlù lójijì, wọn a ṣe bí ẹni sá, wọn a fa ọ̀tá tẹ̀ lé ara wọn, wọn a sì yíjú padà sí i. Ní ọdún 1748, wọ́n kó àwọn ẹgbẹ́ náà pọ̀ sábẹ́ orúkọ Dal Khalsa. Wọ́n máa ń ṣe ìpàdé gbogboogbò níwájú Akal Takht, ìpinnu tí wọ́n bá fohùn ṣọ̀kan lé lórí sì di dandan fún gbogbo wọn.

Ní ọdún 1762, Ahmad Shah Durrani láti Afghanistan pa ẹgbẹẹgbẹ̀rún wọn, tọmọdé tobìnrin, ó sì fi ẹ̀tù fọ́ Harmandir Sahib. Ọdún mẹ́ta lẹ́yìn náà, Lahore ti bọ́ sí ọwọ́ àwọn Sikh. Qazi Nur Muhammad, tó bá Ahmad Shah rìn wá sí Íńdíà, kọ ìtàn ogun náà ní èdè Páṣíà. Ajá ni ó ń pe àwọn Sikh nínú ìwé rẹ̀. Síbẹ̀, ó jẹ́rìí sí ìgboyà wọn àti bí wọ́n ṣe mọ ìbọn lò, ó sì sọ pé wọn kì í pa ẹni tó bá ń sá lọ, wọn kì í sì gba ohun ọ̀ṣọ́ lára obìnrin. Ẹ̀rí yìí ṣe pàtàkì nítorí pé ọ̀tá ló jẹ́ ẹ. Ohun tí ó ṣe àkíyèsí kọjá agbára apá. Ìkóra-ẹni-níjàánu ni, ẹ̀kọ́ ni ó sì ń mú un wá.

5. Ogun Ranjit Singh

Ranjit Singh gba Lahore ní ọdún 1799, ó sì di ọba Punjab ní ọdún 1801. Orí ẹṣin ni àwọn Sikh fẹ́ràn láti jà. Títò lẹ́sẹẹsẹ bí ọmọ ogun ẹlẹ́sẹ̀ jọ ijó lójú wọn. Ọba náà mọ̀ pé ẹlẹ́ṣin nìkan kò lè dúró níwájú àgbá àwọn Gẹ̀ẹ́sì. Láti ọdún 1822, ó gba Allard àti Ventura, tí wọ́n ti jà lábẹ́ Napoleon, kí wọ́n kọ́ àwọn ọmọ ogun rẹ̀. Ó dá ilé iṣẹ́ tí a ti ń rọ àgbá sílẹ̀ ní Lahore. Àwọn Nihang, ẹlẹ́wù aláwọ̀ búlúù, dúró lórí ọ̀nà ogun àtijọ́. Akali Phula Singh, olórí wọn, kú sójú ìjà ní Nowshera ní ọdún 1823.

Ogun yìí kì í ṣe ti Sikh nìkan. Híńdù wà nínú rẹ̀, àwọn Mùsùlùmí ló sì pọ̀ jù nídìí àgbá. Ogun aláwọ̀ púpọ̀ yìí ló bá àwọn Gẹ̀ẹ́sì jà ní 1845 sí 1846 àti ní 1848 sí 1849. Ní Chillianwala, ní oṣù kìíní ọdún 1849, àwọn Gẹ̀ẹ́sì tó kú àti àwọn tó fara gbọgbẹ́ lé ní 2,000. Ní oṣù kẹta ọdún kan náà ni wọ́n fi Punjab kún ilẹ̀ ìjọba wọn.

6. Bí ẹ̀jẹ́ ṣe di ẹ̀jẹ̀

Kí ogun kejì tó bẹ̀rẹ̀ rárá, ní ọdún 1846, àwọn Gẹ̀ẹ́sì ti dá ẹgbẹ́ ọmọ ogun Sikh méjì sílẹ̀ ní Ferozepore àti Ludhiana. Nígbà tí ọ̀pọ̀ ọmọ ogun Bengal ṣọ̀tẹ̀ ní ọdún 1857, àwọn ọmọ ogun Punjab bá àwọn Gẹ̀ẹ́sì gba Delhi padà. Láti ìgbà náà ni ìjọba ti kẹ̀yìn sí àwọn tó ṣọ̀tẹ̀, tí ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í pe àwọn tó bá a ṣe ní ìran ajagun. Lord Roberts, olórí ogun Íńdíà láti 1885 sí 1893, gbé èrò yìí lárugẹ. Gẹ́gẹ́ bí Heather Streets ṣe fi hàn, ọ̀rọ̀ ìṣèlú ló wà nídìí yíyan àwọn ìran wọ̀nyí. Ẹni tó jẹ́ olóòótọ́ sí ìjọba ni wọ́n kọ́kọ́ wá. Ẹ̀yìn rẹ̀ ni wọ́n tó wá rí ìgboyà nínú ẹ̀jẹ̀ rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ náà tako ara rẹ̀. Àwọn ọ̀gágun Gẹ̀ẹ́sì fi dandan lé e pé kí Sikh tó bá wọṣẹ́ ogun gba omi Khalsa, kí ó sì dá irun sí. Richard Fox tilẹ̀ jiyàn pé iṣẹ́ ogun wà lára ohun tó mú ìrísí Singh gbilẹ̀ ní Punjab. Bí ẹ̀jẹ̀ bá tó, kí ni wọ́n ń fi ẹ̀jẹ́ ṣe? Lọ́wọ́ kan náà, wọ́n ń ya Sikh kúrò lára Sikh. Ìwé atọ́nà tí R. W. Falcon kọ fún àwọn ọ̀gágun ní ọdún 1896 ṣe àlàyé agbègbè àti ìran tó yẹ kí á ti mú ọmọ ogun. Àwọn Mazhabi, tí àwọn baba ńlá wọn jẹ́ agbálẹ̀ tí àwùjọ ń ta nù, ni wọ́n kó sínú ẹgbẹ́ alápàáyà ọ̀tọ̀. Abọ́ kan ṣoṣo ọdún 1699 ni wọ́n tipa bẹ́ẹ̀ fọ́ sí wẹ́wẹ́.

Irú ọgbọ́n yìí dé ilẹ̀ Yorùbá pẹ̀lú. Ní àwọn ọdún 1860, Glover kó àwọn Hausa jọ sínú iṣẹ́ ogun ní Èkó, ọ̀pọ̀ nínú wọn sì jẹ́ ẹrú tó sá lọ́wọ́ olówó wọn. Wọn kò ní ẹbí ní Èkó, ìjọba nìkan ni ààbò wọn. Èyí ṣe pàtàkì fún gómìnà ju ìran tí wọ́n ti wá lọ. Síbẹ̀, orúkọ ajagun ni ó kù mọ́ wọn lára nínú ìwé àwọn amúnisìn.

7. Guru ka Bagh, 1922

Ẹ̀rí tó lágbára jù lọ ni èyí tí kò ní ìbọn nínú. Láti ọdún 1920, ẹgbẹ́ Akali ń jà kí àkóso àwọn ilé ìjọsìn wọn bọ́ kúrò lọ́wọ́ àwọn alábòójútó tó sọ wọ́n di ohun ìní ara wọn, tí ìjọba sì ń gbè lẹ́yìn. Ní ọdún 1922, ìjà bẹ́ sílẹ̀ lórí igi ìdáná ní ilẹ̀ ilé ìjọsìn Guru ka Bagh, nítòsí Amritsar. Ojoojúmọ́ ni ọ̀wọ́ àwọn Akali ń jẹ́ ẹ̀jẹ́ níwájú Akal Takht pé àwọn kò ní gbé ọwọ́ sókè, wọn a sì rìn lọ sí ibẹ̀. Ọlọ́pàá a fi igi lù wọ́n títí wọn yóò fi ṣubú, àwọn mìíràn a sì bọ́ síwájú. C. F. Andrews, Òyìnbó onígbàgbọ́ tó lọ wò ó fúnra rẹ̀, jẹ́rìí pé àwọn tó ti jagun fún ìjọba Gẹ̀ẹ́sì nínú ogun àgbáyé àkọ́kọ́ wà lára àwọn tí wọ́n ń lù. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún ni wọ́n kó lọ sí ẹ̀wọ̀n. Ní ọdún 1925, òfin fi àkóso àwọn ilé ìjọsìn náà sí ọwọ́ ìgbìmọ̀ tí àwọn Sikh fúnra wọn dìbò yàn.

Èrò ìran ajagun kò lè ṣàlàyé ọkùnrin tó mọ ìbọn yìn, tí ó sì dúró kí á lù ú. Ẹ̀jẹ́ ṣàlàyé rẹ̀. Ìlànà kan náà tó ní kí á yọ idà ló ní kí á dá a padà sínú àkọ̀.

8. Ìgúnlẹ̀

Iṣẹ́ yìí ti fi hàn pé ìpinnu ni ó bí àṣà ogun àwọn Sikh ní ọdún 1606, pé ẹ̀jẹ́ ni ó sọ ọ́ di ètò ní ọdún 1699, àti pé ìjọba amúnisìn ni ó fi ìran rọ́pò ẹ̀jẹ́ lẹ́yìn ọdún 1857. Kò sí ẹni tó lè sọ pé àwọn Sikh kò gba nǹkan kan nínú ìyìn náà. Ọ̀pọ̀ ni wọ́n fi yangàn títí di òní, owó iṣẹ́ ogun sì bọ́ ilé púpọ̀ ní Punjab. Ṣùgbọ́n ìyìn tó bá fi ìgboyà sínú ẹ̀jẹ̀ ti gba ògo lọ́wọ́ ẹni tó yàn láti nígboyà. Ó tún mú kí ó rọrùn láti rán an lọ síbi tí òun kò yàn.

Ní Anandpur, níbi àjọ̀dún Hola Mohalla, àwọn Nihang ṣì ń gun ẹṣin, àwọn ọ̀dọ́ lọ́kùnrin lóbìnrin sì ń fi ọ̀pá àti idà ṣe gatka. Ó yẹ kí àwọn onímọ̀ ìtàn ka eré yìí gẹ́gẹ́ bí ẹ̀kọ́ tí ìran kan ń kọ́ ìran kejì. Ìbéèrè kan náà ló sì yẹ kí á bi ìtàn ilẹ̀ Yorùbá níbikíbi tí a bá ti kà á pé ìlú kan tàbí ìran kan ni a bí fún ogun: ta ni ó kọ́kọ́ sọ bẹ́ẹ̀, ní ọdún wo, kí sì ni ó fẹ́ kí wọ́n bá òun ṣe?