Hildur Guðnadóttir

Hildur Guðnadóttir (a bí i ní ọjọ́ 4 oṣù Kẹsàn-án ọdún 1982 ní Reykjavík) jẹ́ akọrinsílẹ̀ fún fíìmù àti atasẹ́lò, ọmọ orílẹ̀-èdè Íslándì. Fún eré tẹlifíṣọ̀n Chernobyl (2019), ó gba ìró yàrá, ilẹ̀kùn àti ẹ̀rọ sílẹ̀ ní Ignalina, iléeṣẹ́ iná átọ́míìkì tí wọ́n ti pa ní Lithuania. Ìró wọ̀nyí àti ohùn ara rẹ̀ ni ó fi ṣe orin eré náà, tó gba àmì-ẹ̀yẹ Emmy àti Grammy. Ó ti kọ lára orin fíìmù Joker (2019) kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ sí í yà á. Orin náà gba Oscar lọ́dún 2020, òun sì ni ọmọ Íslándì àkọ́kọ́ tó gba àmì-ẹ̀yẹ yìí.