Rábì Kò Sí Nínú Májẹ̀mú Láéláé: Ibo Ni Wọ́n Ti Wá?

Ẹ̀yin tí ẹ ń gbé ní àdúgbò Hackney níbí, ẹ mọ àwọn Júù Stamford Hill dáadáa. Aṣọ dúdú, fìlà dúdú, irun tó ká wálẹ̀ létí. Ẹ ti rí i pé wọn kì í wa mọ́tò lọ́jọ́ Sátidé. Ṣùgbọ́n ṣé ẹ ti rí ọ̀kan nínú wọn rí tó fa akọ màlúù lọ síbi pẹpẹ?

Ẹ ṣí Bíbélì yín sí ìwé Léfítíkù. Ẹran ni, ẹ̀jẹ̀ ni, pẹpẹ ni, àlùfáà ni. Ẹ wá wá oyè tí wọ́n ń pè ní rábì nínú Májẹ̀mú Láéláé láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Ẹ kò ní í rí i. Inú Májẹ̀mú Tuntun lẹ ti máa kọ́kọ́ pàdé rẹ̀. Nítorí náà, ẹni tó bá rò pé ẹ̀sìn Júù òde òní kò ju Májẹ̀mú Láéláé lọ, nǹkan ńlá kan ló fò láàárín. Nǹkan tó wà láàárín yẹn ni mo fẹ́ bá yín sọ.

Ní ọdún 66 nínú sànmánì tiwa yìí, àwọn Júù Jùdíà dìde ogun sí Róòmù. Ní ọdún 70, Titus, ọmọ Késárì Vespasian, wọ Jerúsálẹ́mù, iná sì jó Tẹ́ńpìlì. Bí ẹ bá dé ìlú Róòmù lónìí, ẹ lọ wo ẹnu ọ̀nà ìṣẹ́gun Titus. Ẹ ó rí i tí wọ́n gbẹ́ ẹ sára òkúta, àwọn ọmọ ogun tó ru ọ̀pá fìtílà ẹlẹ́ka méje lọ́rùn. Wọn kò sì fi mọ bẹ́ẹ̀. Owó tí àwọn Júù máa ń san lọ́dọọdún fún Tẹ́ńpìlì wọn, Róòmù ní kí wọ́n máa san án lọ, ṣùgbọ́n Jupiter, òrìṣà Róòmù, ni kí wọ́n máa san án fún.

Ẹ rò ó wò. Ibì kan ṣoṣo ni òfin ní kí wọ́n ti máa rúbọ, ibẹ̀ ti di eérú. Olórí àlùfáà kò níṣẹ́ mọ́. Ọjọ́ Ètùtù ń bọ̀, kò sì sí ibi tí wọn yóò ti ṣe ètùtù.

Kí Tẹ́ńpìlì tó jó, àwọn Júù ti pín sí ẹgbẹ́ ẹgbẹ́. Josephus, Júù tó kọ ìtàn ogun yẹn, ló sọ fún wa pé àwọn Sadusí gbà pé ohun tí a kọ sínú Òfin Mósè nìkan ló de ènìyàn. Àwọn Farisí ní rárá o, ohun tí àwọn bàbá wa fi lé wa lọ́wọ́ láìkọ sílẹ̀ náà ń bẹ. Ẹ rántí Máàkù orí keje, ìjà lórí ọwọ́ fífọ̀ kí a tó jẹun, tí ó pè é ní àṣà àwọn àgbà. Ọ̀rọ̀ yẹn gan-an nìyẹn. Ní ṣọ́ọ̀ṣì wa, bí a bá fẹ́ bú ẹni tó ń ṣe ojú ayé, Farisí la máa ń pè é. Ẹ jẹ́ ká gbé èébú yẹn sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan fún ìṣẹ́jú díẹ̀. Farisí ni Gàmálíẹ́lì inú Ìṣe Àwọn Àpọ́sítélì, ẹni tí Pọ́ọ̀lù ní òun kẹ́kọ̀ọ́ lẹ́sẹ̀ rẹ̀. Ẹ fi orúkọ náà sọ́kàn, ọmọ ọmọ rẹ̀ ń bọ̀ nínú ìtàn yìí.

Ìtàn tí àwọn rábì fúnra wọn ń sọ nìyí. Wọ́n ní ogun dó ti Jerúsálẹ́mù, àwọn ajagun inú ìlú kò sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni jáde àfi òkú. Bàbá àgbà kan wà tí wọ́n ń pè ní Yohanan ben Zakkai. Àwọn ọmọ ẹ̀yìn rẹ̀ tẹ́ ẹ sínú pósí bí ẹni tó ti kú, wọ́n gbé e kọjá lẹ́nu ibodè. Ó bọ́ sọ́dọ̀ Vespasian, ó kí i bí ẹni ń kí Késárì nígbà tí kò tíì jẹ. Nígbà tí oyè já mọ́ Vespasian lọ́wọ́ lóòótọ́, ó ní kí bàbá béèrè ohun tó wù ú. Yohanan ní kí ó fún òun ní Yavneh, ìlú kékeré kan lẹ́bàá òkun, àti àwọn ọlọ́gbọ́n tó wà níbẹ̀.

Èmi ò ní fi pósí yẹn búra o. Ọ̀nà tí wọ́n gbà sọ ìtàn náà ju ẹyọ kan lọ, wọn kò sì bára mu. Josephus pẹ̀lú sọ pé òun lòun sọ tẹ́lẹ̀ fún Vespasian pé yóò jẹ Késárì. Ṣùgbọ́n ohun tó mú mi dúró níbẹ̀ ni pé Talmud tó sọ ìtàn náà kò fi í pamọ́ pé inú ń bí àwọn kan sí Yohanan. Kí ló dé tí kò bẹ̀bẹ̀ fún Jerúsálẹ́mù fúnra rẹ̀? Ìran tó tẹ̀ lé e ṣì ń bi í.

Kí ni wọ́n wá ṣe ní Yavneh? Ẹ gbọ́ èyí. Nígbà tí Tẹ́ńpìlì wà, bí ọjọ́ ọdún tuntun wọn bá bọ́ sí ọjọ́ ìsinmi, inú Tẹ́ńpìlì ni wọ́n ti máa ń fọn ìwo àgbò, wọn kì í fọn ọ́n káàkiri ìgbèríko. Tẹ́ńpìlì kò sí mọ́. Yohanan ní kí wọ́n máa fọn ọ́n níbikíbi tí ìgbìmọ̀ adájọ́ bá wà. Wọ́n ní ọjọ́ tí ọ̀rọ̀ náà kọ́kọ́ délẹ̀ ní Yavneh, àwọn àgbààgbà kan ní kí àwọn jọ jíròrò rẹ̀ ná. Yohanan ní kí wọ́n fọn ọ́n tán, kí wọ́n tó jíròrò. Wọ́n fọn ọ́n. Wọ́n ní ó yá, ẹ jẹ́ ká jíròrò. Ó ní ìró ìwo ti dún ní Yavneh, kí la tún ń jíròrò? Bàbá yẹn gbọ́n! Bẹ́ẹ̀ ni nǹkan tó jẹ́ ti Tẹ́ńpìlì nìkan ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í ṣí wá sọ́dọ̀ àwọn adájọ́ ìlú kéékèèké.

Lẹ́yìn Yohanan ni Gàmálíẹ́lì kejì dé, ọmọ ọmọ Gàmálíẹ́lì ti Pọ́ọ̀lù. Ọwọ́ líle ni tirẹ̀. Lójú òṣùpá ni wọ́n ti ń ka oṣù, àwọn ẹlẹ́rìí ló sì máa ń wá sọ pé àwọn rí i. Àwọn ẹlẹ́rìí kan wá jẹ́rìí lọ́jọ́ kan, ẹ̀rí wọn kò bára mu rárá, Gàmálíẹ́lì sì gbà á. Rábì Joshua ní èyí kò lè rí bẹ́ẹ̀. Bí a bá ka oṣù bíi ti Joshua, Ọjọ́ Ètùtù yóò yàtọ̀ sí ti Gàmálíẹ́lì. Ẹ mọ ohun tí ìyẹn túmọ̀ sí: ìlú méjì, ààwẹ̀ méjì, ẹ̀sìn á sì pín sí méjì. Gàmálíẹ́lì ránṣẹ́ sí i. Ó ní ní ọjọ́ tí Joshua gbà pé ó jẹ́ Ọjọ́ Ètùtù gan-an, kí ó mú ọ̀pá ìrìnàjò rẹ̀ lọ́wọ́, kí ó mú owó rẹ̀, kí ó máa bọ̀ lọ́dọ̀ òun. Ẹ sì mọ̀ pé kò gbọ́dọ̀ fọwọ́ kan owó lọ́jọ́ yẹn.

Joshua wá àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ lọ fún ìmọ̀ràn. Akiva ní ohun tí ìgbìmọ̀ bá ti kéde, ó ti di òfin, ìbáà jẹ́ pé wọ́n kà á dáadáa tàbí pé wọn kò kà á dáadáa. Joshua mú ọ̀pá, ó mú owó, ó lọ. Gàmálíẹ́lì dìde, ó fẹnu ko orí rẹ̀ lẹ́nu, ó pè é ní ọ̀gá òun nínú ọgbọ́n àti ọmọ ẹ̀yìn òun nínú ìgbọràn.

Ọ̀rọ̀ kò tán síbẹ̀. Talmud ní Gàmálíẹ́lì tún dójú tì í nígbà tó yá, tó ní kí ó wà lórí ìdúró níwájú gbogbo ilé ẹ̀kọ́. Àwọn èèyàn bínú, wọ́n yọ Gàmálíẹ́lì lóyè. Lọ́jọ́ yẹn ni wọ́n lé ẹ̀ṣọ́ ẹnu ọ̀nà kúrò, wọ́n sì fi bẹ́ǹṣì kún ilé ẹ̀kọ́. Àwọn kan ní 400, àwọn mìíràn ní 700. Gàmálíẹ́lì wá lọ tọrọ àforíjì nílé Joshua. Ó rí i pé ògiri ilé náà dúdú, ìgbà yẹn ló tó mọ̀ pé iṣẹ́ èédú ni Joshua ń ṣe jẹun. Joshua ní ó mà ṣe o, fún ìran tí ìwọ jẹ́ olórí rẹ̀, tí o kò mọ ìyà tó ń jẹ àwọn ọ̀mọ̀wé.

Ẹ jẹ́ kí n fi àpẹẹrẹ kan han yín nípa bí òfin ẹnu yìí ṣe ń ṣiṣẹ́. Diutarónómì orí kẹẹ̀ẹ́dógún ní bí ọdún keje bá pé, gbèsè ti parẹ́. Àánú tálákà ni òfin yẹn fẹ́ ṣe. Ẹ̀yin tí ẹ ti yá owó rí, ẹ mọ ohun tó máa ṣẹlẹ̀. Bí ọdún keje bá ti ń sún mọ́lé, olówó á di ọwọ́ rẹ̀ mọ́ àpò, ebi á sì pa tálákà tí òfin fẹ́ gbà là. Hillel, tó gbé ayé ní àsìkò Hẹ́rọ́dù, kí Tẹ́ńpìlì tó jó, ló gbé ètò kan kalẹ̀ tí wọ́n ń pè ní prozbol. Olówó á lọ síwájú adájọ́, á kéde pé òun fi gbèsè tí wọ́n jẹ òun lé ilé ẹjọ́ lọ́wọ́, kí òun lè gbà á nígbàkigbà. Ọdún keje kò lè pa gbèsè bẹ́ẹ̀ rẹ́. Àwọn kan á ní àrékérekè ni. Lójú tèmi, ẹni tó rí i pé òfin àánú ti ń pa aláàánú àti ẹni tí à ń ṣàánú lára, tó wá nǹkan ṣe sí i, àwọn onídàájọ́ ló yẹ kó máa kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ rẹ̀.

Ogun mìíràn tún jà láàárín ọdún 132 sí 135, ogun Bar Kokhba, ó sì burú fún Jùdíà. Hadrian sọ Jerúsálẹ́mù di ìlú Róòmù, ó fún un lórúkọ mìíràn, Aelia Capitolina. Àwọn rábì kó lọ sí Gálílì lápá àríwá. Ibẹ̀ ni Judah ha-Nasi, ọmọ ọmọ Gàmálíẹ́lì ti Yavneh, ti kó gbogbo òfin ẹnu jọ ní nǹkan bí ọdún 200. Mishnah ni wọ́n ń pè é. Apá mẹ́fà ni, ìwé 63 ló wà nínú rẹ̀: oko àti ìdámẹ́wàá, àjọ̀dún, obìnrin àti ìgbéyàwó, owó àti ẹjọ́, ẹbọ, ìwà mímọ́ àti àìmọ́.

Kò bẹ̀rẹ̀ bíi Jẹ́nẹ́sísì. Kò sọ ta ló kọ ọ́, kò sọ ìdí tí ó fi kọ ọ́. Ìbéèrè ló fi ṣí i: láti ìgbà wo ni a lè bẹ̀rẹ̀ sí í ka Shema, àdúrà ìrọ̀lẹ́? Ìdáhùn rẹ̀ ni pé láti ìgbà tí àwọn àlùfáà bá wọlé lọ jẹ oúnjẹ mímọ́ wọn. Àwọn àlùfáà wo? Ó ti tó 130 ọdún tí Tẹ́ńpìlì ti jó! Síbẹ̀ aago àwọn àlùfáà ni wọ́n ṣì fi ń ka àsìkò. Títí di ìgbà wo wá ni? Rábì Eliezer ní títí di òpin ìṣọ́ kìíní òru. Àwọn ọlọ́gbọ́n ní títí di ọ̀gànjọ́. Gàmálíẹ́lì ní títí di ìdájí, àwọn ọmọ rẹ̀ sì ti òde àríyá dé lóru ọjọ́ kan láìtíì kà á, ó ní bí ilẹ̀ kò bá tíì mọ́, kí wọ́n lọ kà á.

Èrò mẹ́ta nìyẹn nínú ìpínrọ̀ kìíní ìwé òfin. Èyí ló yà mí lẹ́nu jù nígbà tí mo kọ́kọ́ kà á. Ìwé òfin tí mo mọ̀, àṣẹ ló máa ń pa. Nínú Mishnah, ẹni tí wọ́n fi ìbò borí, orúkọ rẹ̀ wà níbẹ̀, ọ̀rọ̀ rẹ̀ wà níbẹ̀. Ilé Shammai àti ilé Hillel takora lórí ọ̀pọ̀ nǹkan, ti Hillel ló sì sábà máa ń borí, ṣùgbọ́n ti Shammai ni wọ́n máa ń kọ́kọ́ sọ. Mishnah fúnra rẹ̀ béèrè ìdí tí wọ́n fi ń dárúkọ ẹni tó dá dúró pẹ̀lú àwọn tó pọ̀ jù. Ó dáhùn pé kí ilé ẹjọ́ ọjọ́ iwájú lè rí nǹkan gbára lé, bó bá rí i pé ọ̀rọ̀ ẹni náà ló tọ́.

Báwo ni wọ́n ṣe pa gbogbo èyí mọ́? Ẹnu ni. Ìtumọ̀ Mishnah kò jìnnà sí títún sọ. Àwọn kan wà nílé ẹ̀kọ́ tí iṣẹ́ wọn kò ju kí wọ́n há a sórí, kí wọ́n sì kà á jáde nígbà tí ọ̀gá bá béèrè. Àwọn onímọ̀ ṣì ń jiyàn bóyá Judah kọ tirẹ̀ sílẹ̀, ọ̀pọ̀ sì gbà pé ẹnu àwọn akéde wọ̀nyí ló fi gbé e jáde. Ẹ̀yin tí ẹ mọ bí ọmọ awo ṣe ń jókòó ti ẹsẹ Ifá fún ọdún gbọọrọ, kò yẹ kó ṣòro fún yín láti gbà gbọ́. Ṣùgbọ́n àwọn rábì kò fi bẹ́ẹ̀ pọ́n àwọn akéde yìí lé. Wọ́n ní ẹlòmíràn nínú wọn kàn dà bí apẹ̀rẹ̀ tó kún fún ìwé ni.

Ẹ má sì rò pé gbogbo Júù ló tẹ̀ lé wọn lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀. Òpìtàn Seth Schwartz wà lára àwọn tó sọ pé fún ìgbà pípẹ́, àwọn rábì kéré, agbára wọn kò sì tó nǹkan. Ẹ wo sínágọ́gù Hammat Tiberias, lẹ́bàá ìlú àwọn rábì fúnra wọn: àwòrán Helios, òrìṣà oòrùn àwọn Gíríìkì, ló wà láàárín ilẹ̀ rẹ̀, ní ọ̀rúndún kẹrin.

Ṣùgbọ́n ẹ wá wo òmíràn, sínágọ́gù Rehov nítòsí Beth Shean, tí àwọn awalẹ̀pìtàn hú jáde ní àwọn ọdún 1970. Kò sí òòrùn nílẹ̀ tirẹ̀. Ọ̀rọ̀ ni wọ́n fi òkúta wẹ́wẹ́ tò síbẹ̀, ìlà 29, òfin àwọn rábì ni: àwọn ẹ̀fọ́ àti èso tí Júù kò gbọdọ̀ jẹ ní ọdún keje, àti àwọn àdúgbò tí òfin náà dé àti ibi tí kò dé. Kò sí ẹ̀dà ọ̀rọ̀ àwọn rábì tó pẹ́ tó o lọ́wọ́ wa, ó dàgbà ju gbogbo ìwé àfọwọ́kọ Talmud lọ. Àgbẹ̀ tó bá wọlé wá gbàdúrà á kàn wolẹ̀, á mọ ohun tó lè rà lọ́jà.

Talmud Bábílónì, ti Sura àti Pumbedita, ìyẹn di ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀. Ó dàbọ̀ o.