Àfòmọ́ Inú Ẹ̀jẹ̀: Ohun Tó Dá Ẹṣin Ọ̀yọ́ Dúró

Tí bọ́ọ̀sì bá gbé yín gba Camberwell Green kọjá, ẹ rántí pé ní nǹkan bí 150 ọdún sẹ́yìn, ẹṣin ló ń fa ọkọ̀ èrò níbẹ̀. Ọ̀pọ̀ yín sì ti rí ẹṣin nínú fídíò Ojúde Ọba ní Ìjẹ̀bú-Òde. Ẹ má jẹ́ kó tàn yín jẹ: ogun ẹlẹ́ṣin ò múlẹ̀ nínú igbó Ìjẹ̀bú láyé àtijọ́. Ọ̀yọ́-Ilé ló ni ín. Kí ló fà á?

Ṣé ẹ mọ àfòmọ́, ewéko tí kò ta gbòǹgbò sílẹ̀, tó ń mu omi ara igi tó gùn? Ẹranko náà ní àfòmọ́ tiwọn. Ọ̀kan ni kòkòrò tín-ín-tín tí wọ́n ń pè ní trypanosome. Eṣinṣin tsetse, tó fẹ́ràn igbó àti etí odò, ló ń gbé e kiri. Tó bá ti ń mu ẹ̀jẹ̀ ẹṣin, kòkòrò yẹn á wọlé. Ara ẹṣin á bá a jà, àmọ́ bí ara ṣe ń dá a mọ̀, bẹ́ẹ̀ ló ń pààrọ̀ awọ ara rẹ̀. Ẹ̀jẹ̀ á dín kù, ẹṣin á rù, á sì kú. Ìgalà àti ẹfọ̀n lè gbé e sára láìṣàìsàn. Màlúù kúkúrú tí kò níké náà ń fara dà á. Àlejò ni ẹṣin ní tirẹ̀. Ní 1895, dókítà ológun David Bruce fi hàn pé irú kòkòrò yìí ló ń pa màlúù nílẹ̀ Zulu.

Ẹ wá wo ìtàn wa. Àríwá ni Ọ̀yọ́ ti ń ra ẹṣin, torí ó gbọ́dọ̀ máa fi òmíràn rọ́pò èyí tó kú. Ní 1726, ẹlẹ́ṣin Ọ̀yọ́ kọlu Dàhòmì, níbi tí ọ̀dàn ti la igbó já títí dé etí òkun. Igbó Ìjẹ̀ṣà tó sún mọ́ wọn jù bẹ́ẹ̀ lọ ńkọ́? Apá wọn ò ká a. Ní nǹkan bí 1840, Ìbàdàn ṣẹ́gun Ìlọrin, tí ẹṣin jẹ́ agbára wọn, ní Òṣogbo létí igbó.

Mi ò sọ pé kòkòrò nìkan ló jagun o. Igi dí ẹlẹ́ṣin lọ́nà, àwọn jagunjagun náà sì ṣe tiwọn. Ṣùgbọ́n tí ẹ bá ń ka orúkọ ọba àti balógun, ẹ ka ohun tó wà nínú ẹ̀jẹ̀ ẹṣin mọ́ ọn.