Tírélà Tó Tú Àṣírí Terminator 2

Wọn ò tíì bí èyí tó pọ̀ jù nínú wa nígbà tí Terminator 2 jáde ní July 1991. Síbẹ̀, ká tó wo fíìmù náà la ti mọ̀ pé ẹni rere ni Arnold Schwarzenegger nínú rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ náà ló rí fún ọ̀pọ̀ àwọn tó wò ó lọ́dún yẹn, torí tírélà ti sọ fún wọn. (A ò sọ ti ọkọ̀ tó ń kó sìmẹ́ǹtì o, ìpolówó fíìmù là ń wí.)

Nínú The Terminator, tí James Cameron darí lọ́dún 1984, Schwarzenegger ni ẹ̀rọ apànìyàn tí wọ́n rán láti ọdún 2029 wá pa Sarah Connor. Ẹni tó bá wo ìyẹn yóò rò pé apànìyàn náà ló tún dé. Cameron mọ̀ bẹ́ẹ̀, ó sì fi dá ọgbọ́n. Ẹ tún ìbẹ̀rẹ̀ fíìmù kejì wò dáadáa: ẹni méjì ló ti ọjọ́ iwájú dé, àwọn méjèèjì sì ń wá John, ọmọ Sarah. Schwarzenegger fipá gba aṣọ àti alùpùpù lọ́wọ́ àwọn ọmọ ìta nílé ọtí. Robert Patrick wọ aṣọ ọlọ́pàá, ó ń fi pẹ̀lẹ́tù béèrè ọ̀rọ̀. Èwo wá ni ọ̀tá? Ó di ọ̀dẹ̀dẹ̀ ilé ìtajà ńlá kan, tí Schwarzenegger fa ìbọn yọ láàárín òdòdó róòsì, kó tó hàn pé ọmọ náà ló wá gbà là.

Tírélà àkọ́kọ́, tí Stan Winston darí, kò tú nǹkan kan. Ibi tí wọ́n ti ń rọ róbọ́ọ̀tì ló fi hàn, ó tán. Àwọn tó tẹ̀ lé e ló sọ ọ́ tán.

Ṣé ó pa fíìmù náà lára? Rárá o, òun ló pawó jù lọ lágbàáyé lọ́dún 1991. Lójú tiwa, ìbéèrè ni tírélà yẹn pààrọ̀. Dípò "ta ni ọ̀tá?", ohun tí òǹwòran gbé lọ sílé sinimá ni "kí ló lè dá irin tó ń yọ́ bí omi yìí dúró?" Ìbéèrè kejì yìí sì gbé fíìmù náà dé òpin.

Terminator Genisys ti 2015 kò rí irú rẹ̀. Tírélà rẹ̀ fi hàn gbangba pé John Connor fúnra rẹ̀ ti di ẹ̀rọ, bẹ́ẹ̀ àṣírí yẹn ni gbogbo ìtàn náà rọ̀ mọ́. Alan Taylor tó darí rẹ̀ sọ ní gbangba pé inú òun ò dùn sí i.