Àáró, ọ̀wẹ̀ àti oko ìjọba: ìgbé ayé àgbẹ̀ ní Pobẹ̀ àti Sakété

Kí ìjọba tó dá ẹgbẹ́ àgbẹ̀ sílẹ̀, àwọn baba wa ní Pobẹ̀ àti Sakété ti ń pawọ́ pọ̀ ṣiṣẹ́. Nínú àáró, wọ́n ń lọ sí oko ara wọn ní ọ̀kọ̀ọ̀kan títí yóò fi kárí. Nínú ọ̀wẹ̀, ẹni tó bẹ èèyàn lọ́wẹ̀ ni yóò bọ́ wọn. Ṣùgbọ́n nínú méjèèjì, olóko ló ni ìkórè.

Òfin ọjọ́ 10 oṣù Kẹjọ ọdún 1961 mú ọ̀nà mìíràn wá. Ó fún ìjọba Dahomey láṣẹ láti pa ààlà sí agbègbè kan, kí onílẹ̀ ibẹ̀ sì wọ ẹgbẹ́ aláfọwọ́sowọ́pọ̀, bó fẹ́ bó kọ̀. Ilẹ̀ ṣì jẹ́ ti ìdílé lórúkọ, ṣùgbọ́n ẹgbẹ́ ló ń lò ó. Onílẹ̀ ní ìpín tirẹ̀, òṣìṣẹ́ náà ní tirẹ̀. Ọ̀pẹ ni wọ́n gbìn síbẹ̀. Iṣẹ́ ọ̀pẹ kì í ṣe tuntun níhìn-ín: láti ọdún 1922 ni ibùdó ìwádìí ọ̀pẹ ti wà ní Pobẹ̀. Àmọ́ bí ọ̀pẹ bá ti dàgbà, kò sí àyè fún àgbàdo àti ẹ̀gẹ́ mọ́. Ilé iṣẹ́ epo sì ń gba ẹyìn tí àwọn ìyá wa ì bá fi ṣe epo.

Ní ọjọ́ 30 oṣù Kọkànlá ọdún 1974, Ààrẹ Mathieu Kérékou kéde ìlànà Marx àti Lenin. Ìjọba dá CARDER sílẹ̀ láti máa darí iṣẹ́ àgbẹ̀, ó sì ṣe ètò ọdún 1977 sí 1980. Wọ́n ní kí àgbẹ̀ kóra jọ sínú ẹgbẹ́ tí wọ́n ń pè ní GRVC. Ilé ẹ̀kọ́ pàápàá ní oko, àwọn ọmọ ló ń ro ó.

Ní oṣù Kejìlá ọdún 1989, ìjọba pa ìlànà náà tì. Ẹgbẹ́ ọ̀pẹ ṣì wà, bẹ́ẹ̀ náà ni àríyànjiyàn: ọmọ onílẹ̀ ń béèrè ilẹ̀ baba rẹ̀, ẹni tó ṣiṣẹ́ níbẹ̀ ń béèrè èrè òógùn rẹ̀.

Èdè Faransé ni wọ́n fi kọ òfin wọ̀nyí, ọ̀pọ̀ baba wa kò sì lè kà á. Àwọn àgbà tó mọ ibi tí ààlà wà tẹ́lẹ̀ ń dín kù. A rọ ẹ̀yin ọmọ ilé: ẹ jókòó tì wọ́n, ẹ bi wọ́n léèrè, kí ẹ sì kọ ọ́ sílẹ̀ kí ó tó pẹ́ jù.