Ìjì Ńlá Ilẹ̀ Roshar

Ìjì Ńlá, tí àwọn tí ń ka ìtàn rẹ̀ ní èdè Gẹ̀ẹ́sì mọ̀ sí highstorm, ni ìjì líle tí ó máa ń jà láti ìlà-oòrùn dé ìwọ̀-oòrùn ilẹ̀ Roshar, ìyẹn ayé àtinúdá tí Brandon Sanderson, òǹkọ̀wé ọmọ ilẹ̀ Amẹ́ríkà, gbé ọ̀wọ́ ìwé rẹ̀, The Stormlight Archive, kalẹ̀ sí. Ìwé àkọ́kọ́ nínú ọ̀wọ́ náà, The Way of Kings, jáde ní ọdún 2010, ìkarùn-ún, Wind and Truth, sì jáde ní ọdún 2024. Sanderson ti ṣàlàyé pé ìjì pupa ràgàjì tí ó wà lójú Júpítà, tí kì í rọlẹ̀, wà lára ohun tí ó mú èrò náà sọ sí òun lọ́kàn.

Orí òkun, ní ìlà-oòrùn Roshar, ni ìjì náà ti ń ṣẹ̀ wá. Ohun tí ń ṣáájú rẹ̀ ni ògiri ìjì, èyí tí ó jẹ́ omi, eruku àti pàǹtí tí afẹ́fẹ́ gbá jọ tí ó sì nà gà bí odi ìlú, tí ó lè gbé àpáta sọ bí ẹni sọ òkò. Òjò wẹliwẹli ló máa ń kẹ́yìn ìjì náà. Omi òjò yìí kò mọ́ gaara, nítorí pé crem wà nínú rẹ̀, ìyẹn ẹrọ̀fọ̀ kan tí ó máa ń dì di òkúta bí ó bá gbẹ, tí àwọn ènìyàn fi ní láti máa há a kúrò lára ilé kí ó tó bo ilé mọ́lẹ̀.

Bí ìjì yìí ṣe sọ ohun ẹlẹ́mìí dà ni ó fi yàtọ̀ sí ọ̀pọ̀ ìjì inú ìtàn mìíràn, tí kì í ju ohun ìdẹ́rùbani lásán lọ. Ní Roshar, koríko máa ń sá wọ inú ihò bí ó bá gbúròó ewu, àwọn ewéko mìíràn a ká ara wọn sínú èèpo líle bí ìgbín, àwọn ẹran ọ̀sìn tí wọ́n fi ń fa ẹrù, tí wọ́n ń pè ní chull, sì tóbi púpọ̀, wọ́n ní karawun, wọ́n sì jọ akàn. Àwọn ọ̀mọ̀lé pàápàá máa ń dá ògiri ilé ní ìdagẹ̀rẹ̀ sí ìhà ìlà-oòrùn, wọn kì í sì í fi fèrèsé síbẹ̀. Ilẹ̀ Shinovar nìkan, ní ìwọ̀-oòrùn pátápátá, ni àwọn òkè ńlá ṣíji bò, tí ìjì náà fi máa ń rọ̀ kí ó tó débẹ̀. Nítorí náà ni erùpẹ̀ fi wà níbẹ̀, tí koríko ibẹ̀ kì í sì í mira, débi pé Rysn, ọ̀dọ́mọbìnrin oníṣòwò kan nínú ìtàn náà, rò pé koríko ọ̀hún kò gbọ́n.

Síbẹ̀, ìjì tí ń pani yìí náà ni ó ń tan iná fún gbogbo ayé Roshar. Bí wọ́n bá gbé òkúta iyebíye síta nígbà tí ó bá ń jà, òkúta náà a gba agbára kan sára tí wọ́n ń pè ní ìmọ́lẹ̀ ìjì, a sì máa tàn títí tí agbára náà yóò fi jò tán. Wọ́n máa ń fi gíláàsì róbótó bo ẹ̀rún òkúta bẹ́ẹ̀, òun ni owó tí wọ́n ń ná, òun náà ni fìtílà wọn. Èyí tí ń tàn kì í sì í mú iyèméjì dání, nítorí pé ayédèrú kò lè gba ìmọ́lẹ̀ sára. Ẹ́míráàdì, òkúta aláwọ̀ ewé, ni ó níye lórí jù, torí pé òun ni wọ́n fi ń sọ ohun mìíràn di oúnjẹ. Àwọn jagunjagun kan, tí a ń pè ní Knights Radiant, lè fa ìmọ́lẹ̀ yìí símú bí èémí, kí ọgbẹ́ wọn sì jinná lójú ẹsẹ̀. Ohun tí ó yọ Kaladin, ọ̀kan nínú àwọn akọni ìtàn náà, nínú ikú nìyí, nígbà tí wọ́n so ó síta fún ìjì láti pa nínú ìwé kìíní.

Àwọn aṣírò ìjì ni ó máa ń fi ìṣirò sọ ọjọ́ tí ìjì yóò dé, iṣẹ́ wọn sì ń mú ìfura wá, nítorí pé ẹ̀sìn Vorin ka sísọ ọjọ́ iwájú sí èèwọ̀. Ọ̀sẹ̀ mẹ́rin péré lọ́dún, tí wọ́n ń pè ní àkókò Ẹkún, ni ìjì kì í jà, tí òjò jẹ́jẹ́ sì máa ń rọ̀ láìdá. Ìjì náà ní ẹ̀mí tirẹ̀, tí í ṣe Bàbá Ìjì, ẹni tí ń fi ìran han Dalinar Kholin, akọni mìíràn nínú ìtàn náà, nígbà tí ìjì bá ń jà, tí ó sì padà bá a mulẹ̀.

Ní ìparí ìwé kejì, Words of Radiance, tí ó jáde ní ọdún 2014, ni ìjì mìíràn, tí wọ́n ń pè ní Ìjì Ayérayé, dé, tí mànàmáná rẹ̀ pupa, tí ó sì gba ìwọ̀-oòrùn wá. Fèrèsé àti ẹnu ọ̀nà ni ó bá níwájú, nítorí pé láti ìgbà ìwáṣẹ̀ ni gbogbo ilé ti kọ ẹ̀yìn sí ìlà-oòrùn.